Bọ́ọ̀lù Tí Òkùnkùn Dá Dúró

Bọ́ọ̀lù tí òkùnkùn dá dúró ní ọjọ́ tí wọ́n bí mi tún bẹ̀rẹ̀ nínú yàrá mi, ẹgbẹ́ Àparò sì gba ife.

Ibùsùn mi ti di koríko. Kò yà mí lẹ́nu. Ògiri tó dojú kọ fèrèsé ti sún sẹ́yìn títí ó fi dé ojú irin, ọkọ̀ ojú irin kan sì dúró síbẹ̀, àwọn èrò gun orí rẹ̀ láti wòran bí wọ́n ṣe máa ń ṣe nígbà tí ọkọ̀ ojú irin ṣì ń dúró ní Ìkirun. Àpótí aṣọ mi wà ní àárín pápá. Kò sẹ́ni tó gbé e kúrò. Àwọn agbábọ́ọ̀lù kàn ń gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá.

Gbogbo àwọn agbábọ́ọ̀lù náà ti kú. Mo mọ̀ wọ́n dáadáa, nítorí mo lọ síbi ìsìnkú èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Wọ́n wọ jẹ́sì àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ wa ní, èyí tí wọ́n fi aṣọ kákí rán. Aṣọ kákí yẹn ló mú kí ará ìlú máa pè wọ́n ní Àparò, orúkọ náà kò sì kúrò lára ẹgbẹ́ mọ́. Àwọn Àṣá tó wá láti òdìkejì odò wọ funfun. Ọ̀kan nínú àwọn jẹ́sì kákí náà ń kùn pé ooru ń mú òun.

"Ẹ bọ́ mi sílẹ̀ kí n gba atẹ́gùn díẹ̀," ó ní.

Ẹni tó wọ̀ ọ́ ní kó ṣe sùúrù, pé ìṣẹ́jú díẹ̀ ló kù.

Òótọ́ ni. Kò sí ọmọ Àparò tí kò mọ̀ pé ìṣẹ́jú díẹ̀ ló kù nínú bọ́ọ̀lù yẹn. Ìparí ife àgbègbè ni. Àparò ti fi góòlù kan ṣíwájú, Sàlámì bàbá mi ni aṣọ́lé. Ìyá Àwẹ̀ró tó ń gbé ilé kejì sí tiwa sáré dé ẹ̀yìn àwọ̀n, ó pariwo pé, "Sàlámì! Ìyàwó ẹ ti bí o! Obìnrin ni!" Bàbá mi yíjú wò ó. Bọ́ọ̀lù wọlé. Wọ́n ta ọ̀mì, ilẹ̀ ṣú, rẹfirí ní òun kò rí bọ́ọ̀lù mọ́, pé wọ́n á parí rẹ̀ lọ́jọ́ mìíràn. Ọjọ́ mìíràn kò dé. Àwọn tó ni ife gbé ife wọn lọ, wọn kò fún ẹnì kankan. Àparò kò dé ìparí mọ́ láti ìgbà náà. Ràfátù ni wọ́n sọ mí ní ọjọ́ kẹjọ, ṣùgbọ́n Ọ̀mì ni ìlú ń pè mí.

Ìdí nìyẹn tí ará Àparò kì í fi í pe orúkọ aṣọ́lé láti ẹ̀yìn àwọ̀n. Bí aṣọ bá ń jó lára rẹ̀, a ó rìn lọ bá a, a ó fọwọ́ kàn án. Èmi ni mo máa ń dúró síbẹ̀ láti rí i pé kò sẹ́ni tó pè é, nínú òjò, nínú ẹ̀ẹ̀rùn, láti ìgbà tí mo ti tó ẹni tó lè dá lọ sí pápá. Mo ti gbá obìnrin ẹlẹ́pà kan létí rí nítorí ó bi aṣọ́lé wa bóyá kí òun yọ ẹ̀pà sílẹ̀ fún un. Ọkọ mi ní kí n mú ọ̀kan nínú òun àti Àparò. Ó ti fẹ́ ẹlòmíràn.

Bàbá mi kò bínú sí mi rí. Bí wọ́n bá fi ọ̀rọ̀ ife ṣẹ̀fẹ̀, á gbé mi kọ́ ọrùn, á di ẹsẹ̀ mi méjèèjì mú, á sì dá wọn lóhùn pé, "Èyí ni wọ́n fún mi." Ó gbé mi báyìí káàkiri Ìkirun títí ẹsẹ̀ mi fi ń kan ìgbànú rẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tó fẹ́ kú, tí mo jókòó tì í, ó bi mí pé, "Ṣé wọ́n ti parí bọ́ọ̀lù yẹn?" Ohun tó sọ kẹ́yìn nìyẹn.

Nínú yàrá mi, ó dúró láàárín òpó méjèèjì, ó kẹ́yìn sí mi. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni. Mo ti dàgbà jù ú lọ dáadáa. Òógùn ti mú kí jẹ́sì lẹ̀ mọ́ ọn lẹ́yìn.

Baba Tíṣà Olágbèjì, tó dá ẹgbẹ́ Àparò sílẹ̀, gun orí àpótí aṣọ mi. Wọ́n ti sin ín kí n tó wọ ilé ìwé. Ó ní, "Ẹ̀yin olólùfẹ́ Àparò, àkókò tí ìtàn yóò kọ sílẹ̀ nínú wúrà ti dé, àkókò tí..."

Mo ní, "Baba, ẹ sọ ohun tí ẹ fẹ́ sọ."

Ó wò mí. Ó sọ̀ kalẹ̀. Ó ní, "Wọ́n ti gbà kí á padà síbi tí bọ́ọ̀lù dé kó tó wọlé."

"Ta ló gbà?"

Ó nàka sí Òkùnkùn. Òkùnkùn dúró lẹ́bàá ilà, ó ká ọwọ́ gbera bí ẹni tó ń dúró de ọkọ̀. Ó mì orí sí mi. Mo kí i.

Àwọn tó wà lórí ọkọ̀ ojú irin rí mi lẹ́yìn àwọ̀n, wọ́n bẹ̀rẹ̀.

"Ọ̀mì! Ṣé ìwọ náà ni wọ́n tún fi síbẹ̀?"

"Ẹ fi í sílẹ̀! Ẹni da eérú leérú ń tọ̀!"

"Má tún bà á jẹ́ fún wa o, ìyá!"

Ọ̀kan nínú àwọn Àṣá kígbe láti òdìkejì pé, "Ẹ̀yin ará Àparò, ẹ lọ ra ife ní Òṣogbo! Wọ́n ń tà á lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkòkò!" Àwọn ará wa rẹ́rìn-ín, àwọn tó ti kú náà rẹ́rìn-ín. Òpó àwọ̀n ní kí wọ́n rọra, pé ara òun ń gbọ̀n. Lẹ́yìn náà ó sọ fún mi wẹ́rẹ́ pé, "Bàbá rẹ máa ń fọwọ́ gbá mi lẹ́ẹ̀mejì kó tó fò. Lọ́jọ́ yẹn, kò gbá mi. Mo ti ń retí rẹ̀."

Ìyá Àwẹ̀ró gba ilé ìdáná mi jáde. Ó ń sáré. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi ló ti ń sáré bọ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ti yọ́ dé orúnkún bí ọṣẹ ìfọṣọ, ṣùgbọ́n kò dúró. Nígbà tó dé ọ̀dọ̀ mi, ó di aṣọ mi mú.

"Ọ̀mì, gbà á lọ́wọ́ mi. Ó ti rẹ̀ mí."

"Kí ni, ìyá?"

"Ọ̀rọ̀ tí mo ń gbé bọ̀ ni."

Ó ki ọwọ́ bọ ẹnu, ó yọ ọ́ jáde, ó sì fi sí mi lẹ́nu. Ó gbóná bí iṣu tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lórí iná, ó sì tóbi. Mo fi ahọ́n tì í sí ẹ̀rẹ̀kẹ́ kan kí n lè sọ̀rọ̀.

"Kí ni kí n fi ṣe?"

"Bí o bá pariwo ẹ̀, á gbọ́ pé wọ́n bí ẹ. Bí o bá gbé e mì, kò ní gbọ́."

"Kò ní gbọ́ báyìí ni, àbí kò ní gbọ́ mọ́ rárá?"

"Bi ẹlòmíràn. Ìwọ kọ́ lo rán mi, ìyá ẹ ni. Iṣẹ́ tí wọ́n rán mi, mo ti jẹ́ ẹ."

Ó jókòó sórí koríko, ó na ibi tó kù nínú ẹsẹ̀ rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wòran.

Rẹfirí fọn fèrè. Àwọn Àṣá gba bọ́ọ̀lù sí ọ̀tún. Aṣáájú wọn, ọkùnrin dúdú kan tí mo ti rí nínú àwòrán, gbá a. Bọ́ọ̀lù náà kò yára. Ó gba orí àpótí aṣọ mi, ó ń yà síbí ó ń yà sọ́hùn-ún, ó ń wo ojú àwọn ènìyàn bí ẹni tó ń wá ilé kan. Gbogbo àwọn tó wà lórí ọkọ̀ ojú irin na ọrùn. Wọn kò wo bọ́ọ̀lù. Èmi ni wọ́n ń wò.

Ọ̀rọ̀ náà ń jó mi lẹ́nu. Ó fẹ́ jáde. Bàbá mi gbọ́ nǹkan kan, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ yí orí. Mo rí etí rẹ̀ kan àti ẹ̀gbẹ́ ojú rẹ̀. Mo rántí ohun tó bi mí lórí ibùsùn rẹ̀, pé ṣé wọ́n ti parí rẹ̀.

Mo gbé ọ̀rọ̀ náà mì. Ó há mi lọ́fun, mo fi ọwọ́ gbá ara mi láyà, ó sì lọ.

Bàbá mi kò yíjú mọ́. Ó gbá òpó lẹ́ẹ̀mejì. Òpó ní, "Ẹ ṣé." Ó fò, ó sì gba bọ́ọ̀lù náà mọ́ àyà.

Rẹfirí fọn fèrè. Ọkọ̀ ojú irin náà fọn tirẹ̀. Òkùnkùn tú ọwọ́ ká, ó dágbére fún Baba Tíṣà, ó lọ. Ife náà gba ilé ìdáná mi wọlé, ó ń bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n má bínú, pé òun pẹ́ lọ́nà. Àwọn ènìyàn sọ̀ kalẹ̀, wọ́n ń jó, wọ́n ń ti ara wọn lu àpótí mi. Wọ́n gba ẹ̀gbẹ́ mi kọjá lọ́tùn-ún lósì. Mo dúró kí ẹnì kan pè mí ní Ọ̀mì. Kò sẹ́ni tó pè mí. Kò sẹ́ni tó pè mí ní Ràfátù náà. Mo wo Ìyá Àwẹ̀ró, ó ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́ o, àlejò."

Bàbá mi gbé ife wá bá mi.

"Ẹ kú ìdúró, ìyá," ó ní. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi di èyí mú. Mo fẹ́ sáré délé. Ìyàwó mi wà lórí ìkúnlẹ̀ láti àárọ̀."

Mo gba ife. Ó wò mí pẹ́ díẹ̀.

"Ọmọ ilé ta ni yín ní Ìkirun níbí? Ẹ jọ ìyá mi."

Mo la ẹnu. Kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, bí a ti ń ṣe sí àgbàlagbà tí kò gbọ́rọ̀ mọ́, ó sì sáré lọ. Mo gbé ife tẹ̀ lé e.

Ilé wa wà bó ṣe wà kí wọ́n tó wó o. Ìyá mi kúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ méjèèjì ti ògiri.

"Ṣé wọ́n ti fọn fèrè?" ó béèrè.

"Wọ́n ti fọn ọ́n. Àwa la borí."

"Ó dáa," ìyá mi wí. Ó dìde, ó gbọn eruku orúnkún rẹ̀, ó tún ìró rẹ̀ ró. Ikùn rẹ̀ rí pẹlẹbẹ. Ó bi bàbá mi ohun tó fẹ́ jẹ.

Bàbá mi ní òun kò tíì fẹ́ jẹun. Ó gba ife lọ́wọ́ mi, ó dúpẹ́, ó sì gbé e kọ́ ọrùn. Ó jáde sí ìgboro. Àwọn ènìyàn bi í pé kí ló rù. Ó ní, "Èyí ni wọ́n fún mi."

Ife náà ní etí méjì. Ó di méjèèjì mú ṣinṣin níwájú àyà rẹ̀, kí ó má baà já bọ́.