Búrẹ́dì Tí A Kò Gbọdọ̀ Bò

Bí ẹ bá ń wá ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ yá ju ti gbogbo ayé lọ, télọ̀ yìí ni kí ẹ lọ wò. Kí ẹ tó jókòó, ó ti fi tẹ́ẹ́pù wọn èjìká yín. Kí ẹ tó dìde, ó ti gé aṣọ. Ohun gbogbo ló máa ń gé kúrú. Ó ń gé ìkíni kúrú, ó ń gé àwàdà kúrú, tó bá sì di pé ó fẹ́ tẹ ọ̀rọ̀ sórí fóònù, kí Ọlọ́run ṣàánú ẹni tó máa kà á. Ṣùgbọ́n lọ́sàn-án ọjọ́ Ẹtì tí mò ń sọ yìí, ọwọ́ yíyá náà kọ̀, kò yá mọ́. Búrẹ́dì ló dá a dúró.

Bàbá rẹ̀ ni yóò pé ọgọ́rin ọdún lọ́jọ́ kejì. Bàbá ti ṣiṣẹ́ nílé ìtẹ̀wé fún ogójì ọdún, láyé ìgbà tí wọ́n ṣì ń fi ọwọ́ to lẹ́tà onírin lọ́kọ̀ọ̀kan, òun àti ọmọ rẹ̀ yìí ni wọ́n sì jọ ń gbé. Nígbà tí télọ̀ bi í pé kí ló fẹ́ jẹ, ó ní, "Má se nǹkan rẹpẹtẹ fún mi. Àwọn búrẹ́dì kéékèèké tí ìyá yín máa ń yan nígbà ayé rẹ̀, tó ní hámù àti ṣíìsì lórí, ìyẹn ni mo fẹ́. Ẹ̀yin ọmọ mi méjèèjì ni mo sì fẹ́ kí ẹ jókòó tì mí jẹ ẹ́." Ó tẹnu mọ́ "méjèèjì" yẹn dáadáa.

Ibẹ̀ gan-an ni wàhálà wà. Oṣù mọ́kànlá gbáko ni télọ̀ ti ń yan àbúrò rẹ̀ lódì. Àbúrò yìí jẹ́ tíṣà nílùú mìíràn, ìrìn wákàtí mẹ́ta nínú bọ́ọ̀sì. Lọ́dún tó kọjá, wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún télọ̀ nínú ikùn, ó sì lo ọjọ́ mẹ́fà lọ́sibítù. Bàbá wá kí i. Àwọn oníbàárà wá. Ọkùnrin tó ń tún ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ ṣe pàápàá wá, tòun ti ọsàn lọ́wọ́. Àbúrò tó pọ̀n sẹ́yìn, tó fi ẹnu ara rẹ̀ fẹ́ ẹ̀kọ fún, kò yọjú. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó. Télọ̀ ti sọ fún gbogbo yàrá yẹn pé àbúrò òun ń bọ̀, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni gbé àga ẹ̀gbẹ́ bẹ́ẹ̀dì òun lọ. Àga náà ṣófo títí wọ́n fi dá a sílẹ̀. Ó dùn ún wọ eegun, kò sì pe àbúrò rẹ̀ mọ́. Àbúrò náà ò pè é. Bàbá bẹ̀bẹ̀ títí, ó rẹ̀ ẹ́.

Ká sòótọ́, kò sí ọjọ́ kan tí télọ̀ ò fẹ́ gbọ́ ohùn ọmọ yẹn. Ó kàn jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ ò gbà á láti kọ́kọ́ sọ̀rọ̀ ni.

Àbúrò nìkan ló sì mọ búrẹ́dì náà yan. Òun ló máa ń dúró ti ìyá wọn ní kíṣìnì nígbà tí ẹ̀gbọ́n ń tẹ ẹ̀rọ ìránṣọ. Bàbá bá a sọ ọ́ lórí fóònù, àbúrò sì fi àlàyé ránṣẹ́ sórí fóònù Bàbá, pé kí wọ́n fi han télọ̀. Ohun tó kọ nìyí:

"E ge buredi ni onigun merin, ki eyo kan je enu meji. E fi bota pa a. E te hamu le e, ki e wa rin siisi le e lori. E gbe e si ofun to ti gbona daadaa fun iseju meedogun. E ma bo o. Mo n bo lola nitori Baba."

"Nítorí Bàbá," ni télọ̀ tún kà jáde, ó sì pòṣé. Ibi tó kọ "ofun" sí, ó kọ́kọ́ kà á sí ọ̀fun, ó ní ọ̀fun ta ló gbóná nínú ilé yìí. Ó tó ìṣẹ́jú kan kó tó yé e pé ófùn tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ òun lọ̀rọ̀ ń bá wí.

Ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Ẹ má rẹ́rìn-ín o, tẹ́ẹ́pù ló fi wọn búrẹ́dì. Ínṣì méjì níbùú, ínṣì méjì lóòró, ó gé eteetí rẹ̀ dànù bí ẹni ń tún etí aṣọ ṣe. Ó pa bọ́tà, ó tẹ́ hámù pẹlẹbẹ, kò jẹ́ kó yọ gọngọ níbì kankan. Ó rin ṣíìsì títí ó fi rin ìka ara rẹ̀ mọ́ ọn, ó pariwo, ó fi ìka náà sẹ́nu, ó tún ń bá a lọ. Lẹ́yìn náà ló gbé fóìlì, ó bo gbogbo tíréè náà, ó ká etí rẹ̀ mọ́lẹ̀ pinpin, atẹ́gùn ò lè gbabẹ̀ wọlé. Ó gbé e wọ inú ófùn.

Nígbà tó ṣí i lẹ́yìn ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, "Yéè!" ló ké. Búrẹ́dì ti mumi, ó rọ̀ jọ̀bọ̀tọ̀. Ṣíìsì ti bá fóìlì lọ, ó lẹ̀ mọ́ ọn lókè, hámù sì wà nísàlẹ̀ níhòòhò.

"Ó mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é ni! Ó fẹ́ kí ojú tì mí níwájú Bàbá!" Ó gbé tíréè náà, ó di pálọ̀. "Ẹ wá wo ohun tí ọmọ yín fi mí ṣe."

Bàbá mú ẹyọ kan, ó jẹ ẹ́, ó rọra gbé ìyókù sílẹ̀. "Ta ló ní kó o bò ó?"

"Òun náà ni! Ẹ kà á wò!"

Bàbá wọ awò ojú rẹ̀. "'Ẹ má bò ó.' Ohun tó wà níbí nìyẹn."

"'Ẹ máa bò ó' ló wà níbẹ̀, Bàbá."

"Lẹ́tà a mélòó lo rí?"

"Ẹyọ kan."

"Ẹyọ kan, má ni. Máa, méjì ni. Ọmọ mi, ogójì ọdún ni mo fi to lẹ́tà wọ̀nyẹn. Tá a bá gbàgbé ọ̀kan báyìí, ọ̀gá á lé wa ká ọgbà."

"Ẹyọ kan ni èmi máa ń tẹ̀ fún méjèèjì," ni télọ̀ fèsì. "Ẹni tó bá gbọ́n á mọ èyí tí mò ń sọ."

"Ẹni tó bá gbọ́n!" Bàbá rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbé e. Télọ̀ náà rẹ́rìn-ín, kò mọ ìgbà tó rín in, ó sì padà sí kíṣìnì láti gé búrẹ́dì mìíràn.

Ó ti gé méjì nígbà tí ọ̀rọ̀ ẹnu ara rẹ̀ padà wá bá a. Ẹyọ kan ni èmi máa ń tẹ̀ fún méjèèjì. Ó nu ọwọ́, ó mú fóònù tirẹ̀, ó ń wá ọ̀rọ̀ tí òun àti àbúrò rẹ̀ sọ kẹ́yìn, lọ́dún tó kọjá. Ó rí i. Àbúrò ló kọ́kọ́ kọ ọ́: "Egbon mi, se ki n maa bo?" Òun fèsì látorí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù: "Ma bo. Ara ti n ya." Àbúrò ní: "O dara ma."

A méjì wà nínú ti àbúrò, rekete. Tòun, ẹyọ kan.

Télọ̀ fìdí lélẹ̀ nínú kíṣìnì. Máa bọ̀ ló ń sọ lọ́jọ́ náà o. Máa bọ̀, ara ti ń yá, àá ráyè sọ̀rọ̀ dáadáa. Ọmọ yẹn sì kà á pé, má bọ̀. Oṣù mọ́kànlá! Gbogbo oníbàárà tó wọ ṣọ́ọ̀bù ló ti gbọ́ ẹjọ́ ọmọ ọlọ́mọ tí kò ṣẹ̀. Ojú tì í. Ó wò ó pé òun lè dákẹ́, kí wọ́n jẹ búrẹ́dì lọ́la, kí kálukú máa lọ. Òun ni ẹ̀gbọ́n, ta ló máa bi í? Ṣùgbọ́n bó bá dákẹ́, nítorí Bàbá náà ni ọmọ yẹn á máa wá títí láé. Ó tẹ nọ́ńbà.

"Ẹ káàsán mà," ni àbúrò wí, bí ẹni ń kí ọ̀gá iléèwé. "Ṣé kò sí o? Ṣé Bàbá wà?"

"Bàbá wà. Mo ba búrẹ́dì jẹ́. Mo bò ó."

"Mo ní kí ẹ má bò ó."

"Mo ti mọ̀ báyìí. Gbọ́, lọ́jọ́ tí mo wà lọ́sibítù, máa bọ̀ ni mo sọ fún ẹ. A méjì ló yẹ kó wà níbẹ̀. Èmi ni mo jẹ ọ̀kan."



"Inú ọkọ̀ ni mo ti bi yín," ni àbúrò wí. "Mo ti dé ìdajì ọ̀nà. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo wọ èyí tó ń padà. Mo sunkún títí, obìnrin tó jókòó tì mí rò pé èèyàn mi kan ló kú."

"Háà. Dárí jì mí. Jọ̀ọ́, dárí jì mí."

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ dákẹ́. Ẹ má sunkún."

Àbúrò kò dúró dọ̀la. Kí oòrùn tó wọ̀, ó ti dé, ó ti kí Bàbá, ó ti wọ kíṣìnì, ó ti fọwọ́. Ó wo búrẹ́dì tí wọ́n fi tẹ́ẹ́pù wọ̀n, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di ikùn mú. Àwọn méjèèjì jọ to hámù àti ṣíìsì lé e lórí, wọ́n gbé e wọ ófùn, wọn ò fi nǹkan kan bò ó. Ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni wọ́n ní láti fi dúró. Télọ̀ jókòó sórí àpótí, àbúrò sì kúnlẹ̀ síwájú rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí n wo ojú abẹ náà."

"Ó ti jinná tipẹ́."

"Mo mọ̀. Mo ṣì fẹ́ wò ó."

Télọ̀ ká bùláòsì rẹ̀ sókè. Àbúrò wo ojú àpá náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ó sì fi àtẹ́lẹwọ́ lé e.

"Wọ́n rán an dáadáa."

"Wọn ò rán an dáadáa rárá. Ṣé o ò rí i pé ó wọ́ ni? Ká ní èmi ni, á tọ́ ju báyìí lọ."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Òórùn ṣíìsì tó ń yọ́ ti gba gbogbo ilé, Bàbá sì ń ké láti pálọ̀ pé ṣé ọgọ́rùn-ún ọdún ni wọ́n fẹ́ kí òun pé kí oúnjẹ tó délẹ̀ ni. Àbúrò kò gbé ọwọ́ rẹ̀ kúrò.

"Ṣé ó dùn yín nígbà náà?"

Gbogbo ẹni tó bi í ní ìbéèrè yìí láti ọdún tó kọjá ni télọ̀ ti dá lóhùn pé rárá, kò dun òun.

"Ó dùn mí gan-an," ló wí.

"Ẹ pẹ̀lẹ́," ni àbúrò wí. "Ẹ pẹ̀lẹ́, ẹ̀gbọ́n mi."