Etí Kan Tó Kù

Orí Yazhini ni Poongodi kọ́kọ́ rí nígbà tí bàbá ọmọ náà sọ ọ́ kalẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àìkú. Wọ́n ti fá a kodoro, wọ́n sì fi igi olóòórùn dídùn tí wọ́n lọ̀ kùn ún láti iwájú dé ìpàkọ́. Lẹ́yìn náà ló wá rí etí. Wáyà wúrà tín-ínrín kan wà ní etí òsì, ibẹ̀ wú, ó pọ́n. Etí ọ̀tún ò ní nǹkan kan.

"Ta ló ṣe èyí? Ilango! Ta ló ṣe èyí fún ọmọ mi?"

Ilango ti yí alùpùpù rẹ̀ padà, ó ti lọ.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó bí obìnrin yìí nínú, kí ẹnikẹ́ni má lọ rò pé torí irun lásán ni. Ní Madurai tiwọn, ní ilẹ̀ Íńdíà, wọn kì í fá orí ọmọ fún ìgbà àkọ́kọ́, wọn kì í sì í gún etí rẹ̀, àfi lórí itan ọmọkùnrin tó bá ìyá rẹ̀ jáde láti inú kan náà. Maama ni ọmọ ń pè é. Kì í ṣe itan bàbá, kì í ṣe itan bàbá àgbà. Tí Maama bá rìnrìn àjò, wọ́n á dúró dè é. Ìgbà tó bá kú nìkan ni wọ́n ń wá ẹlòmíràn.

Sembian, àbúrò kan ṣoṣo tí Poongodi ní, ò kú. Ó wà lálàáfíà ara níbi tó ti ń tún bọ́ọ̀sì ṣe, yẹtí tó sì ti ṣe sílẹ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí Yazhini ṣì wà nínú kọ́bọ́ọ̀dù, wọ́n wé e sínú bébà pupa. Ọmọ ọ̀hún ti ń lọ sí ọdún márùn-ún báyìí, wọn ò tíì rí ọjọ́ ṣe é, torí pé látìgbà tí tọkọtaya ti pínyà ni ìdílé méjèèjì ò ti jọ jókòó mọ́.

Kóòtù ló sì fà á. Tẹ́lẹ̀, ọjọ́ Sátidé nìkan ni Ilango ń rí ọmọ, nínú yàrá àwọn ọmọdé tó wà ní kóòtù, pẹ̀lú òṣìṣẹ́ tó jókòó tì wọ́n. Adájọ́ wá ní kí ọmọ lọ sùn lọ́dọ̀ bàbá rẹ̀ lópin ọ̀sẹ̀ kan ṣoṣo, kí wọ́n fi wò ó. Tó bá lọ dáadáa, ìdajì gbogbo ọlidé ilé ìwé ni ọmọ á máa lò níbẹ̀. Kí ni Ilango àti àwọn èèyàn rẹ̀ wá ṣe? Wọ́n gbé e lọ sí tẹ́ńpìlì òrìṣà ìdílé wọn!

"Àbúrò mi kú ni?" Poongodi ń bi ara rẹ̀ bí ó ti ń wẹ orí ọmọ. "Ṣé àbúrò mi kú ni?"

Nígbà tí wọ́n padà sí kóòtù tí wọ́n sì pe ẹjọ́ wọn, ohùn Poongodi ti há. Kò sí lọ́yà ní kóòtù yẹn, oníkálukú ló ń la ẹnu ara rẹ̀.

"Mà, ẹ bá mi bi wọ́n! Itan ta ni wọ́n gbé ọmọ mi lé?"

Valliammal, ìyá Ilango, dìde pẹ̀lú òdòdó nínú irun. "Itan ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ni. Ṣé òun kì í ṣe èèyàn ni? Ká máa wá jókòó de àbúrò rẹ tó ń fi gíríìsì wẹ̀?"

"Àbúrò mi kú ni?"

"Ta ló ní ó kú?"

"Ẹ̀yin ni! Ẹ ti sin ín láàyè! Ẹ fi ẹlòmíràn rọ́pò rẹ̀, ẹ wá ń bi mí pé ta ló ní ó kú?"

Adájọ́ kan tábìlì. "Ìyá àgbà, ẹ jókòó. Ìyá Yazhini, ẹ rọra." Ó yíjú sí Ilango. "Kí ló dé tó fi jẹ́ etí kan ni wọ́n gún?"

Ilango wo ìyá rẹ̀. "Mi ò ní nǹkan kan láti sọ, mà."

Adájọ́ ní kí wọ́n mú ọmọ wá síwájú. Ilango bẹ̀rẹ̀ láti gbé e. Kíá ni Yazhini fi àtẹ́lẹwọ́ bo etí ọ̀tún.

"Ẹ rí i!" Poongodi fò sókè. "Ẹ rí i, mà! Òun fúnra rẹ̀ ló dì í mú kí wọ́n gún un! Bàbá rẹ̀ ló ń bà á lẹ́rù!"

Poongodi ò sí níbi tí wọ́n ti gún un o. Kò rí ẹni tó di ọmọ mú. Ṣùgbọ́n ó fi gbogbo ẹnu sọ ọ́, Ilango ò sì jiyàn.

Adájọ́ ní lábẹ́ òfin, ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún, ọ̀dọ̀ ìyá ló sábà máa ń wà, àti pé ire ọmọ ni kóòtù ń wò ṣáájú ẹ̀tọ́ òbí kankan. Kò sí sísùn mọ́. Kò sí ọlidé. Kí wọ́n padà sí ọjọ́ Sátidé.

Nígbà tí wọ́n dé ìta, inú Poongodi dùn, ó yíjú sí àbúrò rẹ̀ tó ti ń dúró dè wọ́n. "Sembian, ranṣẹ́ sí alágbẹ̀dẹ wúrà. Etí ọ̀tún, tìẹ ni. Lórí itan rẹ, lọ́sẹ̀ yìí."

Ó bẹ̀rẹ̀ kó gbé ọmọ rẹ̀. Yazhini fi ọwọ́ bo etí.

"Rárá! Kì í ṣe èyí!"

"Èmi ni, Yazhini. Amma rẹ ni, ìyá rẹ."

"Appa ní wọn ò ní gún èyí! Appa gbé mi sá. Màmá àgbà ń pariwo mọ́ ọn. Appa ní ó tó, ó ní ìyẹn kì í ṣe Maama mi."

Bàbá rẹ̀ ló ń pè ní Appa. Ẹ lè rò pé ọkàn Poongodi rọ̀. Láéláé! Ńṣe ni inú tún bí i sí i. Ó rí Ilango lábẹ́ igi dóńgóyárò, ìyá rẹ̀ ti ń gun ẹ̀yìn alùpùpù. Ó já lọ bá wọn.

"Ìwọ! Ṣé odi ni ẹ́ ni? Ṣé ìwọ lo gbé e kúrò lórí itan yẹn?"

Ilango wo ìyá rẹ̀.

"Má wo ìyá rẹ! Èmi ni kí o wò!"

"Èmi ni," ó ní. "Mi ò lè dójú ti ìyá mi láàárín kóòtù."

"Ọmọ rẹ wá ńkọ́? O fẹ́ pàdánù ọmọ rẹ torí ojú ìyá rẹ? Orí rẹ dàrú!" Ó gbá a lọ́rùn ẹ̀wù mú, ó ń wọ́ ọ gun àtẹ̀gùn padà.

"Ẹ̀gbọ́n mi!" Sembian sáré tẹ̀ lé e. "Ẹ ti borí o! Wọ́n á gbé ọmọ fún un o!"

"Mo gbọ́! Gbé ọmọ, kí o máa bọ̀!"

Akọ̀dà kóòtù ní wọ́n ti pe ẹjọ́ ẹlòmíràn. Poongodi ti akọ̀dà sẹ́gbẹ̀ẹ́. Adájọ́ gbé ojú sókè.

"Ìyá Yazhini, kí ló tún dé?"

"Mà, irọ́ ni mo pa." Omijé ń dà lójú rẹ̀, ó sì ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ gbá a dànù bíi pé òun náà ṣẹ̀ ẹ́. "Mi ò sí níbẹ̀. Òun kọ́ ló di ọmọ mú. Òun ló gbé e sá. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ kọ ọ́ mọ́ ọn pé inú ṣì ń bí mi o, mà, àti pé àbúrò mi ò kú!"

Sembian ti dé ẹnu ọ̀nà lẹ́yìn rẹ̀, ó gbé Yazhini dání. Ọmọ náà ti sọ ọwọ́ kalẹ̀ kúrò létí.