Ọbẹ̀ Wàrà fún Ẹni Méjì

Ọdún tí ìjọba ní kí gbogbo ọkọ̀ kúrò lápá òsì, kí wọ́n máa gba apá ọ̀tún, ni ìyàwó mi lọ sí Èkó lọ tọ́jú ọmọ. Kíkẹ́lọmọ, ọmọ wa kan ṣoṣo, ló bímọ sí Mushin, iṣẹ́ tíṣà kò sì jẹ́ kó ráyè. Oṣù mẹ́ta ni wọ́n dá fún mi. Nígbà tó pé oṣù mẹ́ta, lẹ́tà dé pé ọmọ ń hu eyín. Nígbà tó pé mẹ́fà, lẹ́tà dé pé ikọ́ ń ṣe é. Mo mọ bí irú rẹ̀ ṣe máa ń rí. Ọ̀pọ̀ obìnrin Igbó-Ọrà ló lọ tọ́ ọmọ-ọmọ l'Ékòó tó jẹ́ pé òkú ọkọ wọn ni wọ́n padà wá sin.

Kẹ̀kẹ́ àti ẹ̀rọ ìránṣọ ni mò ń tún ṣe lójúde ilé wa. Kò sẹ́ni tó kọ́ mi. Ńṣe ni mo máa ń tú nǹkan palẹ̀, n ó to gbogbo ẹ̀yà rẹ̀ sórí àpò, n ó máa wò ó títí yóò fi sọ ohun tó ń ṣe é fún mi. Ṣùgbọ́n ilé tí kò sí ohùn ènìyàn nínú rẹ̀ kò ní nọ́ọ̀tì téèyàn lè tú. Láàárọ̀ mo ń mu ẹ̀kọ, lálẹ́ mo ń jẹ gàárì, mo sì ń fara dà á. Ọjọ́ Sátidé nìkan ni mi ò lè fara dà.

Ọjọ́ Sátidé ni Ìyá Kíkẹ́ máa ń se ọbẹ̀ wàrà. Ẹlòmíràn a máa din wàrà, a sì jẹ ẹ́ bí ẹran. Tirẹ̀ yàtọ̀. Ọbẹ̀ náà a máa pọ́n, a sì máa funfun pọ̀ mọ́ ọn, a ki, a máa yọ̀ lẹ́nu bí ẹ̀kọ gbígbóná, lẹ́yìn náà ata á wá ta èèyàn dé etí. Láti ìgbà tí Kíkẹ́ ti lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì, inú àwo kan náà làwa méjèèjì ti ń jẹ ẹ́. Kò sì sí ọjọ́ kan tí mo wo bó ṣe ń ṣe é, èmi tí mo máa ń béèrè ìdí tí ṣéènì fi ń já!

Mo wá rò ó pé bó bá wá kí mi, tó sì bá ọbẹ̀ náà lórí iná, yóò mọ̀ pé ilé ṣì ni ilé, kò sì ní padà sí Èkó mọ́. Mi ò lè kọ ọ́ sínú lẹ́tà pé kó máa bọ̀. Ọkùnrin ẹni ọgọ́ta ọdún kì í bá ọmọ-ọmọ rẹ̀ du ìyàwó.

Mo ní abo màlúù kan ní gáà tó wà lọ́nà Èrúwà. Ọkọ Rùkáyàt, Fúlàní tó ń da màlúù níbẹ̀, ló ń bá mi sìn ín. Mo gun kẹ̀kẹ́ lọ láàárọ̀ pẹ̀lú garawa kékeré kan.

“Rùkáyàt, mo wá gba mílíìkì màlúù mi.”

Ó wò mí, ó wo garawa, ó bú sẹ́rìn-ín. Ó ké sí àwọn obìnrin gáà yòókù pé kí wọ́n wá gbọ́.

“Bàbá Oníkẹ̀kẹ́, ta ló rán yín?”

“Ṣé èmi kọ́ ni mo ni màlúù ni?”

“Ẹ̀yin lẹ ni ín. Ẹ̀yin lẹ ni awọ, ẹ̀yin lẹ ni ìwo, ẹ̀yin lẹ ni ọmọ tó bá bí. Ṣùgbọ́n èmi tí mò ń jí lọ bá a nídìí ọmú, èmi ni mo ni mílíìkì. Bẹ́ẹ̀ la ṣe ń ṣe é látọjọ́ tí a ti ń bá yín sin màlúù. Ẹ ò mọ̀?”

Mi ò mọ̀. Ọdún mẹ́jọ ni màlúù náà ti wà lọ́wọ́ wọn, mo sì rò pé ohun tiwa ni Ìyá Kíkẹ́ ń lọ gbà lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Àṣé ńṣe ló ń gbé iyọ̀ àti iṣu lọ fún Rùkáyàt, kò sì sọ fún mi kí ojú má baà tì mí. Ojú wá tì mí lójú àwọn obìnrin mẹ́fà.

“Kí lẹ fẹ́ fi ṣe?” ó bi mí.

“Mo fẹ́ fi ṣe wàrà, kí n fi se ọbẹ̀.”

“Ẹ̀yin? Ìyàwó yín ńkọ́?”

“Ó wà l'Ékòó.”

Ẹ̀rín tán lẹ́nu rẹ̀. “Abájọ tí mi ò rí iyọ̀,” ó ní. “Ẹ jókòó. Ẹ máa wò mí.”

Ó gbé mílíìkì ka orí ẹyin iná lásán, láìsí ọwọ́ iná kankan. Ó gún ewé bọ̀mùbọ̀mù mẹ́rin, ó fi mílíìkì díẹ̀ fọ̀ ọ́, ó sẹ́ ẹ. Nígbà tí mílíìkì orí iná lọ́ wọ́ọ́rọ́ bí omi tí a fi ń wẹ ọmọ, ó da omi ewé náà sí i, ó rò ó lẹ́ẹ̀kan, ó sì káwọ́. Nígbà tó yá, mo fojú ara mi rí i: ohun kan ṣoṣo di méjì. Èyí tó funfun kó ara rẹ̀ jọ bí òwú, omi tó kù sì dá ṣáká sábẹ́ rẹ̀. Inú mi dùn bí ìgbà tí ẹ̀rọ ìránṣọ tó ti kú bá dún. Ó bu funfun náà sínú àwọn agbọ̀n kéékèèké kí omi ara rẹ̀ lè kán tán.

“Kí ló wà nínú ewé náà tó fi yà wọ́n?”

“Bàbá,” ó ní, “wàrà nìyẹn. Jíjẹ ni wọ́n ń jẹ ẹ́. Ẹ má tú u palẹ̀.”

Èyí tí mo kọ́kọ́ ṣe nílé korò bí ewúro, torí mo rò pé bí ewé mẹ́rin bá dáa, mẹ́jọ á dáa jù. Ní ọ̀sẹ̀ kejì iná pọ̀, ìdí ìkòkò jóná, gbogbo rẹ̀ ń rùn èéfín. Mo fi ṣọ́ọ̀kì kọ gbogbo rẹ̀ sára ilẹ̀kùn ilé ìdáná: iye ewé, bí iná ṣe rí, bó ṣe pẹ́ tó. Àríkẹ́, aládùúgbò wa, yọjú sí mi.

“Bàbá Kíkẹ́, ṣé ilé ìwé lẹ dá sílẹ̀ síbẹ̀ ni?”

“Lọ wo ìkòkò tìẹ.”

“Tèmi ò jóná, sà!”

Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, wàrà dì. Ó funfun, ó sì le tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi ọ̀bẹ gé e tí kò fọ́. Ó wá ku ọbẹ̀. Mo mọ̀ pé ẹ̀gúsí wà níbẹ̀, mo mọ ata rodo, mo mọ àlùbọ́sà àti irú. Mo lọ ẹ̀gúsí, mo dà á sínú ata tó ń hó, ó ṣù jọ wóróworó, omi ata dá dúró lọ́tọ̀. Ó ṣeé jẹ, ṣùgbọ́n kì í ṣe tirẹ̀. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni mo fi jẹ èyí tí kì í ṣe tirẹ̀.

Lọ́jọ́ kan, mò ń wá ìgbálẹ̀ lẹ́yìn ilẹ̀kùn ilé ìdáná, mo bá rí ọlọ kékeré kan tí wọ́n fi igbá bò. Ọlọ ata wa wà níta, ó tóbi, ó sì pupa. Ata kò dé ojú eléyìí rí. Mo gbé e síta, mo fi ìṣó ha inú àwọn ihò rẹ̀, nǹkan funfun já bọ́. Mo gbóòórùn rẹ̀. Wàrà ni. Kí lèèyàn ń fi wàrà ṣe lórí ọlọ? Ó ń lọ̀ ọ́ ni! Mo pariwo, ewúrẹ́ Àríkẹ́ sá.

Mo lọ odidi wàrà kan mọ́ ẹ̀gúsí ẹ̀kúnwọ́ kan, mo fi mílíìkì tó ṣẹ́kù pò ó títí ó fi ń yọ̀ lọ́wọ́. Mo yọ igi kúrò nídìí ọbẹ̀ ata, mo dúró kó ṣíwọ́ híhó, bí Rùkáyàt ṣe máa ń dúró. Mo wá ń da funfun náà sí i díẹ̀díẹ̀, mo ń rò ó. Kò ṣù. Kò yà. Ó ki. Mo gé wàrà tó kù sínú rẹ̀, mo fi ìka tọ́ ọ wò, mo sì jókòó sílẹ̀. Òun gan-an ni. Mo yíjú láti sọ ọ́ fún ẹnì kan, ògiri ni mo rí.

Nígbà tí oṣù kẹsàn-án ń parí lọ, lẹ́tà dé pé Ìyá Kíkẹ́ ń bọ̀ wá wò mí ní Sátidé. Mo se ọbẹ̀ sílẹ̀, mo lọ pàdé rẹ̀ níbùdókọ̀. Àpótí páànù tó gbé lọ náà ló gbé dé. Mo gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Ó wúwo, inú mi sì dùn pé ó wúwo.

“Ẹ kú ilé, Bàbá Kíkẹ́. Ẹ mà rù o.”

“Kẹ̀kẹ́ tó ń sáré kì í sanra.”

“Ẹnu yín ni kò rù.”

Nígbà tí a délé, ó fẹ́ wọ ilé ìdáná, ó rí ṣọ́ọ̀kì lára ilẹ̀kùn, ó dúró. Mo ní kó lọ jókòó. Mo gbé iṣu àti ọbẹ̀ síwájú rẹ̀ nínú àwo wa. Ó fi iṣu kan ọbẹ̀, ó fi sẹ́nu.

“Ta ló sè é?”

“Èmi ni.”

“Ẹ̀yin kẹ̀? Àríkẹ́ ni.”

“Àríkẹ́ kò mọ̀ pé ọlọ kékeré wà.”

Ó fọwọ́ bo ẹnu. Ó rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó mí kanlẹ̀ bí ẹni tó sọ ẹrù.

“Ọkàn mi wá balẹ̀,” ó ní. “Àríkẹ́ ló ní kí awakọ̀ sọ fún mi pé ebi fẹ́ pa yín. Mo ti sọ fún Kíkẹ́ pé kó wá ọmọ ọ̀dọ̀, pé mi ò ní í fi ọkọ mi sílẹ̀ fún ebi. Gbogbo ẹrù mi ni mo kó bọ̀ yìí. Àṣé ẹ ti mọ̀ ọ́n sè tó báyìí! Kíkẹ́ á mà yọ̀ o. Ó fẹ́ kí n dúró títí ọmọ á fi wọ ilé ìwé.”

Ibẹ̀ ló yẹ kí n ti sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ náà kò sì gùn. Ṣùgbọ́n ó ń bi mí iye ewé tí mo lò, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé bí iná ṣe gbọ́dọ̀ kéré. Mo ṣàlàyé rẹ̀ dáadáa.

Ọjọ́ méjì ni àpótí náà fi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Ìró kan ṣoṣo ló mú jáde nínú rẹ̀. Láàárọ̀ Mọ́ńdè, mo dì í sẹ́yìn kẹ̀kẹ́, mo ń tì í lọ síbùdókọ̀, òun ń rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Mo din wàrà mẹ́fà sínú agolo fún ọmọ.

“Ẹ máa jẹun o,” ó ní látinú ọkọ̀.

“N ó máa jẹ.”

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, mo gbé iyọ̀ lọ fún Rùkáyàt.

“Ṣé ìyàwó jẹ ẹ́?”

“Ó jẹ ẹ́.”

“Ṣé ó dùn?”

“Ó dùn jù. Ó ti padà.”

Ó wò mí gan-an. “Ẹ se oúnjẹ fún un, ẹ ò wá sọ ohun tí ẹ torí rẹ̀ sè é?”

“Kí ni ǹ bá sọ?”

“Bàbá, bí màlúù bá ń wá ọmọ rẹ̀, ó máa ń ké ni. Kì í dákẹ́ kó máa rò ó.”

Mo délé, mo mú bébà. Mo kọ́kọ́ kọ ọ́ pé wàrà kò dì mọ́, pé ebi ń pa mí. Mo wò ó títí. Láti ọjọ́ tí mo ti ń tún nǹkan ṣe, mi ò sọ fún oníbàárà rí pé ohun tó dáa ti bàjẹ́. Mo fà á ya. Èyí tí mo fi ránṣẹ́ nìyí:

“Àpèkẹ́, wàrà ń dì dáadáa. Ọbẹ̀ ń dùn. Ebi ò pa mí. Ṣùgbọ́n èmi nìkan ni mò ń jẹ ẹ́, mi ò sì fẹ́ bẹ́ẹ̀. Máa bọ̀ nílé.”

Mi ò pe oríkì yẹn láti ọjọ́ tí a ti bí Kíkẹ́.

Ọ̀sẹ̀ kan ti kọjá, èsì kò tíì dé. Nígbà tí mo dé gáà, Rùkáyàt gbé igbá, ó bi mí pé ti ẹni mélòó ni kí òun bù.

Mo ní kó bu ti ẹni méjì. Bó bá ṣẹ́kù, kó kan.