Èyí tí Màmá Ń Ṣẹ́ Kù

Morónkẹ́ kì í fojú ire wo ẹni tó bá ń fi oúnjẹ ṣòfò. Ìdí nìyí tí ọ̀rọ̀ ìyá ọkọ rẹ̀ fi ń dùn ún. Láti ìgbà tí Màmá ti ti Òṣíẹ̀lẹ̀ wá bá wọn gbé ní Ìbarà, ní ọdún 1981, kò jẹun kan kó má ṣẹ́ láfún àti ẹja kù sínú àwo.

Morónkẹ́ sọ fún Olúṣẹ̀yẹ, ọkọ rẹ̀, pé, "Ọbẹ̀ mi ni Màmá ò fẹ́ràn. Wọ́n á sì dé Òṣíẹ̀lẹ̀ lọ sọ pé ìyàwó ọmọ àwọn kò mọ ọbẹ̀ sè."

"Dín oúnjẹ tí ò ń bù fún wọn kù."

Ó dín in kù. Màmá ṣì ń ṣẹ́ ẹ kù. Ó tún dín in, bákan náà ni. Àwọn ọmọ ti jẹ àjẹyó lórí tábìlì, kálukú nínú àwo tirẹ̀, nítorí náà adìẹ ni Morónkẹ́ ń da ìyókù fún.

Lọ́jọ́ Sátidé kan, ó rí i tí ìró ń yọ̀ bọ́ ní ìdí Màmá. Màmá ti rù! Morónkẹ́ kúnlẹ̀.

"Màmá, ẹ jọ̀wọ́, kí ni ọbẹ̀ mi ṣe?"

"Ọbẹ̀ wo? Ọbẹ̀ rẹ dùn ju tèmi lọ."

"Kí ló wá dé tí ẹ kì í jẹ ẹ́ tán?"

"Ṣé kí n jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni? Nígbà tí ogun Hítílà parí, àwo bàbá ọkọ rẹ ni gbogbo ọmọ ilé ń wò. Ohun tó bá ṣẹ́kù ni wọ́n fi ń mọ̀ pé bàbá rántí àwọn. Mo rí i pé o ń bu díẹ̀ fún mi. Mo ní nǹkan ló wọ́n, mo mú un mọ́ra. Èwo nínú àwọn ọmọ mi ló ń jẹ ẹ́?"

Morónkẹ́ wolẹ̀. "Adìẹ ni, Màmá."

"Adìẹ kẹ̀? Adìẹ ni mo ń febi panú fún? Abájọ tí wọ́n fi sanra jù mí lọ!" Màmá rẹ́rìn-ín títí ó fi di ìró rẹ̀ mú.

Lálẹ́ ọjọ́ náà, Morónkẹ́ bu láfún kún àwo Màmá. Fọlákẹ́mi, ọmọ rẹ̀ obìnrin, sọ̀kalẹ̀ lórí àga, ó lọ jókòó ti Màmá lórí ẹní tó ti ń jẹun. Màmá jẹun yó, ó sún àwo sí i.

"Màmá àgbà, tiyín dùn ju tèmi lọ!"

Ìkòkò kan náà ni. Morónkẹ́ na ọwọ́ sínú àwo, ó mú ìrù ẹja.

"Ẹ ṣeun, Màmá. Ọlọ́run á jẹ́ kí ẹ pẹ́ fún wa."

"Àmín. Mi ò ní padà sí Òṣíẹ̀lẹ̀ títí ìró yìí yóò fi fún mọ́ mi ní ìdí."

Àwọn adìẹ dúró lẹ́nu ọ̀nà títí, wọn kò rí nǹkan kan.