Ìlà Funfun Lára Ike

Ìyá Oníke kò bẹ̀rù kámẹ́rà. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ló ń bẹ̀rù rẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, Mọ́mì, àwọn àna mi á wo fíìmù tí wọ́n fẹ́ fi yín ṣe yẹn. Tí wọ́n bá fi yín hàn bí alágbe, ojú wo ni mo fẹ́ fi wò wọ́n?"

Ìyá Oníke ní kò sẹ́ni tó máa sọ òun di alágbe. Ó wọ aṣọ iṣẹ́ tó ti fọ̀, ó gba orí ààtàn lọ, níbi tó ti ń ṣa ike láti ọdún mọ́kàndínlógún.

Àmọ́ alágbe gan-an ni onífíìmù ń wá. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni, ẹnu rẹ̀ dùn jù.

"Màmá, ẹ jókòó síbí. Ẹ ronú nípa ìyà tẹ́ ẹ ti jẹ. Ẹ jẹ́ kí omijé bọ́ díẹ̀."

"Ta ló kú?"

Àwọn obìnrin tí wọ́n jọ ń ṣa ike bú sẹ́rìn-ín.

"Kò sẹ́ni tó kú, Màmá. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá níṣẹ́ lọ́wọ́ kò lè máa ṣa ìdọ̀tí."

"Ó dáa. Ìwọ tó o níṣẹ́, wá ṣà á." Ó da àpò kan sílẹ̀ níwájú rẹ̀. "Ìgò ike tó mọ́ gaara nìkan ni mo fẹ́. Yíyọ́ ni ilé iṣẹ́ tó ń rà á máa yọ́ ọ. Tí oríṣi mìíràn bá bọ́ sí i, gbogbo ẹ̀ bàjẹ́ nìyẹn."

Onífíìmù ká apá ẹ̀wù. Ó ṣà títí òógùn fi bò ó. Ó to ìgò ọgbọ̀n jọ, gbogbo wọn mọ́ bí omi, ó wá ń yan bí àkùkọ.

Ìyá Oníke kò wo dídán wọn. Ó ń ṣẹ́ wọn po lọ́kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó dé orí ìkẹtàdínlógún, ó dúró. Ìlà funfun kan yọ níbi tó ti ṣẹ́ ẹ, bí àpá.

"O rí ìlà yẹn? Òun ló tú u fó. Ó jọ ẹbí, kì í ṣe ẹbí. Kí àwọn tó kù tó yọ́, èyí á ti jóná, á kó dúdú bá gbogbo wọn." Ó tún yọ méjì mìíràn. "Odidi ọkọ̀ lo bà jẹ́ yìí o, ọ̀gá oníṣẹ́!"

Onífíìmù gbé ìgò náà yẹ̀ wò. "Màmá, ta ló kọ́ yín?"

"Àṣìṣe mi ni. Lọ́dún tí mo bẹ̀rẹ̀, ilé iṣẹ́ dá ẹrù ọkọ̀ kan padà nítorí mi. Mo sunkún lọ́jọ́ yẹn dáadáa. Ibo ni kámẹ́rà ẹ wà nígbà náà?"

Onífíìmù rẹ́rìn-ín ara rẹ̀. Ó ká ìwé tó kọ ohun tó fẹ́ yà sí, ó fi í sápò, ó sì sọ fún ẹni tó gbé kámẹ́rà pé, "Ọwọ́ Màmá ni kó o máa yà."

Lọ́jọ́ tí wọ́n fi fíìmù náà hàn, gbọ̀ngàn kún fọ́fọ́. Ọmọ rẹ̀ jókòó láàárín àwọn àna, ó dorí kodò. Ìyá Oníke wà lẹ́yìn wọn, ẹ̀yìn ọrùn ọmọ náà nìkan ló ń wò.

Ọwọ́ ńlá méjì yọ nínú fíìmù níwájú. Ọwọ́ náà ṣẹ́ ìgò, ìlà funfun hàn. Gbogbo èèyàn ní, "Háà!" Nígbà tí ìlà máa fi yọ lára ìgò kejì, wọn ò dúró de ẹnikẹ́ni mọ́: "Yọ ọ́! Yọ ọ́ dànù!"

Ọmọ náà gbórí sókè. Lójijì ó fò dìde láàárín èrò. "Mọ́mì mi nìyẹn o! Mọ́mì tó bí mi!"

Ìyá ọkọ rẹ̀ fà á láṣọ. "Jókòó jàre, ìyàwó wa, o ti dí wa lójú. Jẹ́ ká rí wọn!"