Ìlà Tí Ògbufọ̀ Kò Tíì Kà

10
…ìlà kan lẹ́ẹ̀kan ló ń ka ètò kọ̀ǹpútà. Ó ka ọ̀kan, ó ṣe é. Ó ka èkejì, ó ṣe é. Ìdí nìyẹn tí mo fi ń pè é ní ògbufọ̀. Kọ̀ǹpáílà, olùtúmọ̀ ètò kejì, ò rí bẹ́ẹ̀. Aláròyé nìyẹn: á ka gbogbo ètò tán kó tó gbẹ́sẹ̀. Bí ìlà kan ṣoṣo bá wọ́, ó kọ̀ jálẹ̀.

20
*(lára ògiri wọ́ọ̀dù)*
Ẹ MÁ FỌWỌ́ KAN Ẹ̀RỌ.
BÍ OÒGÙN BÁ DÚRÓ, YÓÒ DÚN.

30
Èmi ni wọ́n ní kí n tún ètò inú ẹ̀rọ náà, tó ń kán oògùn sára aláìsàn, kọ. Ògbufọ̀ ló ń ka ti àtijọ́. Mo gbé e fún kọ̀ǹpáílà, ó kọ̀. Ìlà kan ń pe agogo tí ẹnikẹ́ni ò kọ sínú ètò.

Oògùn ò tíì dúró rí. Ògbufọ̀ ò tíì débẹ̀ rí.

35 *(èyí ló yẹ kó ṣáájú)*
Ìyá mi wà lórí ẹ̀rọ náà. Oògùn ọkàn ni.

40
ÈMI: Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ jẹ́ ká pa àwọn ẹ̀rọ náà ná.
Ọ̀GÁ: Láti gbogbo ọdún wọ̀nyí wá, ṣé ó ti kọsẹ̀ rí?
ÈMI: Kò tíì débi tó ti máa kọsẹ̀ ni.
Ọ̀GÁ: O ti wá daríran nìyẹn. Tuntun di oṣù tó ń bọ̀.

50
Ọwọ́ làwọn àgbà iṣẹ́ wa fi ń túmọ̀ ètò sí nọ́ńbà. Ẹni tó kọ́kọ́ sọ pé ẹ̀rọ lè túmọ̀ ọ́ fúnra rẹ̀, wọ́n fi ṣe yẹ̀yẹ́. Kọ̀ǹpáílà dé, ó ń fi àkókò ṣòfò. Ògbufọ̀ ni ti ẹni tó ń kánjú. Mi ò bú wọn.

Rárá. Mò ń bú wọn.

60
— Bọ̀dá mi, ẹ gbé màmá kúrò níbẹ̀.
— Ká gbé wọn lọ síbo? Ẹ̀rọ yẹn ló gbé ẹ̀mí wọn ró.
— Bí oògùn bá dúró, kò ní dún.
— Àbúrò, lọ sùn. O ò tíì sùn láti ọjọ́ Àìkú.

70
Nọ́ọ̀sì ní mi ò lè jókòó síbí. Mo ní èmi ni agogo. Mo ṣàlàyé. Ó wo ẹ̀yìn, ó ní kí n rẹ ohùn sílẹ̀, kí n má dẹ́rù ba àwọn yòókù.

Mo rẹ ohùn sílẹ̀. Ó jẹ́ kí n jókòó.

80
Bẹ́ẹ̀dì mẹ́fà, ẹ̀rọ mẹ́fà. Ìyá mi nìkan ni mò ń wò. Ẹ̀rù ń bà mí, ojú mi ò sì ju méjì lọ.

90
Oògùn màmá ń kán.

Ó ń kán.

Lẹ́yìn mi, níbi bẹ́ẹ̀dì kan, ọmọbìnrin kan ní, "Bàbá?"

Ó tún ní, "Bàbá?" Agogo kankan ò dún.

Mi ò wẹ̀yìn.