Ó Parí, Kò Tán

Mo ti fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ téèpù náà mọ́lẹ̀ kó má baà yí mọ́. Ẹ̀rọ ń kùn lábẹ́ ọwọ́ mi.

"Bàbá, ẹ gbọ́wọ́ kúrò," ni Jẹ́jẹ́ wí. Òun ló ń pa téèpù rẹ́. Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ la fi sọ ọ́ lórúkọ.

"Pa iná ẹ̀rọ."

"Òǹtẹ̀ wà lára ẹ̀. Ẹ wò ó."

Ó TÁN, ní yíǹkì pupa. Orúkọ ìyá mi tó ti dolóògbé ló wà lábẹ́ rẹ̀. Téèpù mìíràn ni mo wá mú.

Jẹ́jẹ́ wo ojú mi, ó pa iná.

Ilé iṣẹ́ wa ń wádìí bí ìtàn ṣe ń kú. Mo ti lo ogójì ọdún níbẹ̀. Orúkọ ló ń kọ́kọ́ bọ́ nínú ìtàn, lẹ́yìn náà ibi tó ti ṣẹlẹ̀, lẹ́yìn náà ìdí tí ẹnikẹ́ni fi sunkún. Ẹ̀rín ló ń gbẹ̀yìn. Òǹtẹ̀ méjì la ní. Ó PARÍ: ìtàn náà pé, ẹ tọ́jú rẹ̀. Ó TÁN: kò sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n mọ́, ohun tó kù lórí téèpù kò ju ikọ́ àti "kí ni mo ń sọ ná" lọ. Ẹ pa á rẹ́, ká lò ó fún òmíràn.

Mo gòkè lọ bá akọ̀wé tuntun.

"Ta ló ní ó tán?"

"Ìyá náà fúnra wọn ni, sà. Mo gbọ́ ọ lórí téèpù lẹ́ẹ̀mejì. Wọ́n ní, 'Ó tán,' wọ́n sì rẹ́rìn-ín."

Mo jókòó. Bí ìyá wa bá ti sọ ìtàn dópin, ohun tí wọ́n máa ń sọ nìyẹn. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ká lọ sùn.

Mo ṣàlàyé. Akọ̀wé fọwọ́ bo ẹnu. "Ẹ má bínú, sà. Àmọ́ òfin ńkọ́?"

Mo mọ òfin. Èmi ni mo kọ ọ́. A kì í yí òǹtẹ̀ padà nítorí ẹ̀bẹ̀. Àfi ìdánwò àṣìsọ: wọ́n á ṣi ìtàn náà sọ fún ẹni tó yẹ kó mọ̀ ọ́n. Bí onítọ̀hún bá tún un ṣe láìjẹ́ pé a bi í, ìtàn náà ṣì wà láàyè. Òṣìṣẹ́ kì í jẹ́rìí fún ẹbí ara rẹ̀, nítorí náà ẹ̀gbọ́n mi obìnrin nìkan ló kù. Láti ọdún tó kọjá ni wọ́n ti ń fi orúkọ àbúrò wa tó ti kú pè mí.

Wọ́n dé ní agogo méjì. Akọ̀wé jókòó kọjú sí wọn. Jẹ́jẹ́ dúró lẹ́nu ọ̀nà.

"Mà, ìyá yín ní ẹ sọnù ní ibùdó ọkọ̀ ojú irin nígbà tẹ́ ẹ wà lọ́mọ ọdún mẹ́rin," ni akọ̀wé wí.

Ẹ̀gbọ́n mi ń wo fèrèsé.

"Ọlọ́pàá kan ló rí yín."

Wọ́n ṣì kọjú sí fèrèsé. Mo wolẹ̀.

"Ẹ ń sunkún."

"Ta ló ń sunkún?" Wọ́n yíjú. "Ìwọ ọmọ yìí, ta ló kọ́ ọ ní irọ́? Ọlọ́pàá wo? Obìnrin tó ń ta tíkẹ́ẹ̀tì ni. Ó gbé mi sórí àga ẹ̀, mo ń bá a já tíkẹ́ẹ̀tì. Màmá ló ń sunkún. Wọ́n ní kí n bọ́ sílẹ̀ ká máa lọ sílé. Mo ní kí wọ́n lọ tò sórí ìlà."

Jẹ́jẹ́ ló kọ́kọ́ bú sẹ́rìn-ín. Akọ̀wé tẹ̀ lé e.

"Ṣé wọ́n tò?" ni Jẹ́jẹ́ bi wọ́n.

"Wọ́n tò. Èèyàn mẹ́fà ló wà níwájú wọn. Kí ló wá ń pa yín lẹ́rìn-ín?" Wọ́n kọjú sí mi, wọ́n fi orúkọ àbúrò wa pè mí. "Ìwọ náà jókòó síbẹ̀, o ò lè sọ fún wọn?"

N kò tún orúkọ náà ṣe. Ọkàn mi ti bọ̀ sípò. Mo mí kanlẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́ láti àárọ̀.

Akọ̀wé fagi lé òǹtẹ̀ pupa, ó lu Ó PARÍ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Jẹ́jẹ́ gbé téèpù wá. Ó ní ká má tún bú òun mọ́ pé òun lọ́ra.

Ó ti pa ìṣẹ́jú mẹ́ta rẹ́ kí n tó dé. Mọ́kànlá ló kù.